Béèlì Kì Í Ṣe Ìdáríjì: Ohun Tí Wọ́n Ń Wò Kí Wọ́n Tó Tú Ẹni Tí Wọ́n Fura Sí Sílẹ̀

Ọ̀rọ̀ tòní wúwo díẹ̀, àmọ́ ó kàn wá. Ọ̀rọ̀ béèlì ni. Béèlì ẹni tí wọ́n fura sí pé ó lu jìbìtì, nígbà tí ìwádìí ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, tí wọn ò tíì ka ẹ̀sùn kankan sí i lọ́rùn ní kóòtù.

Nǹkan méjì ló gbé ọ̀rọ̀ yìí sí mi lọ́kàn.

Èkíní, lọ́dún tó kọjá, fóònù mi dún ní nǹkan bí aago márùn-ún ìdájí. Nígbà tí fóònù bá dún nírú àsìkò yẹn, ẹ̀yin náà mọ̀ pé kì í ṣe ìròyìn ayọ̀. Àbúrò ọ̀rẹ́ mi ni. Gbogbo ohun tó sọ ò ju gbólóhùn kan lọ: "Ẹ̀gbọ́n, wọ́n ti gbé bọ̀ọ̀dá mi o." Ọ̀rẹ́ mi yìí máa ń ṣe àwòrán ìpolówó fún àwọn oníṣòwò, orí láptọ́ọ̀pù ló ti ń jẹun. Òun àtàwọn mẹ́ta míì ló jọ ń gbé ilé kan. Ẹnì kan nínú wọn ni wọ́n wá wá, àmọ́ gbogbo ẹni tí wọ́n bá nílé ni wọ́n kó, pẹ̀lú fóònù, láptọ́ọ̀pù àti mọ́dẹ́ẹ̀mù.

Èkejì, àǹtí mi kan tó ń ta léèsì. Ẹnì kan lórí Instagram ní òun á bá a kó ọjà wọlé. Àǹtí mi san 650,000 náírà. Ọjà ò dé, ẹni náà pa fóònù rẹ̀. Wọ́n fọlọ́pàá mú un, ó di ọjọ́ kẹta, wọ́n fún un ní béèlì. Àǹtí mi pè mí, inú ń bí wọn débi pé wọn ò kí mi. "Ọmọ mi, wọ́n ti tú u sílẹ̀! Ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn. Owó mi ti lọ."

Ẹ wò ó. Ọ̀rọ̀ kan náà ni, béèlì. Ọ̀dọ̀ ọ̀rẹ́ mi, kò tètè dé. Ọ̀dọ̀ àǹtí mi, ó yá jù. Àwọn méjèèjì sì bi mí ní ìbéèrè kan náà: kí ni wọ́n ń wò kí wọ́n tó pinnu? Ohun tí a máa tú wò lónìí nìyẹn. N kì í ṣe lọ́yà o. Mo kàn jókòó ti ìwé òfin, mo sì bi àwọn lọ́yà tó mọ̀ ọ́n ní ìbéèrè títí ó fi sú wọn.

Kí ni béèlì, kí ni kì í ṣe?

Àwọn àgbà ní agbẹ́jọ́ ẹnì kan dá, àgbà òṣìkà ni. Ìwé òfin Nàìjíríà ti ọdún 1999 gbà pẹ̀lú wọn. Abala 36 sọ pé ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn kò jẹ̀bi títí tí ilé ẹjọ́ á fi rí i dájú pé ó jẹ̀bi. Abala 35 sì sọ pé gbogbo èèyàn ló ní ẹ̀tọ́ sí òmìnira ara rẹ̀.

Torí náà, béèlì kì í ṣe ìdáríjì. Kì í ṣe pé wọ́n ní ẹni náà ò jẹ̀bi. Bákan náà, tí wọn ò bá fún un ní béèlì, kò túmọ̀ sí pé ó jẹ̀bi. Ohun tí béèlì jẹ́ ò ju àdéhùn lọ: "Máa lọ sílé, àmọ́ tá a bá pè ọ́, kó o wá. Kó o má sì ba iṣẹ́ ìwádìí jẹ́." Onídùúró wá fọwọ́ sí i pé tí kò bá wá, òun ló máa san iye owó tí wọ́n kọ sínú ìwé.

Ibi méjì ni béèlì ti lè wá. Èkíní ni èyí tí àwọn tó ń ṣèwádìí fúnra wọn ń fúnni, bóyá ọlọ́pàá ni o tàbí àjọ EFCC, kí ẹjọ́ tó dé kóòtù. Èkejì ni èyí tí adájọ́ ń fúnni. Ti àkọ́kọ́ yẹn ló ń da àwọn èèyàn láàmú jù, torí pé inú ọ́fíìsì ni wọ́n ti ń pinnu rẹ̀. Kò sí akọ̀wé kóòtù níbẹ̀, kò sí èrò tó ń wò, ìdílé sì lè máa dúró síta láìmọ ohun tó ń lọ.

Aago ti ń lọ látìgbà tí wọ́n ti mú un

Ohun tí ọ̀pọ̀ wa ò mọ̀ nìyí: òfin ti ka wákàtí sílẹ̀. Abala 35 nínú ìwé òfin ní wọ́n gbọ́dọ̀ gbé ẹni tí wọ́n mú dé ilé ẹjọ́ láàárín àkókò tó bọ́gbọ́n mu. Ó tún wá sọ ohun tí "àkókò tó bọ́gbọ́n mu" jẹ́. Tí ilé ẹjọ́ tó lágbára láti gbọ́ ọ̀rọ̀ náà bá wà láàárín 40 kìlómítà, ọjọ́ kan ni. Tí kò bá sí, ọjọ́ méjì, tàbí iye ọjọ́ tí ilé ẹjọ́ bá rí i pé ó tọ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń gbé Èkó tàbí Ìbàdàn, ẹ ro ó wò: ibo lẹ máa dúró sí tí kóòtù ò ní wà láàárín 40 kìlómítà?

Abala yẹn kan náà ní wọ́n gbọ́dọ̀ sọ ìdí tí wọ́n fi mú èèyàn fún un, ní àkọsílẹ̀, láàárín wákàtí 24, ní èdè tó gbọ́. Ó tún ní ẹ̀tọ́ láti dákẹ́ títí á fi bá lọ́yà tàbí ẹni tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀.

Òfin kan tún wà tí wọ́n ń pè ní ACJA, tí wọ́n ṣe lọ́dún 2015. Òun ló ń darí ẹjọ́ ọ̀daràn ní àwọn ilé ẹjọ́ ìjọba àpapọ̀ àti ní Àbújá. Àwọn ìpínlẹ̀ náà ní irú tiwọn. Èkó ló kọ́kọ́ ṣe tirẹ̀, lọ́dún 2007. Abala 30 nínú ACJA sọ pé tí ọlọ́pàá bá mú èèyàn láìní ìwé àṣẹ, tí ẹ̀sùn náà kì í sì í ṣe irú èyí tó lè la ikú lọ, tí kò sì ní ṣeé ṣe láti gbé e dé kóòtù láàárín wákàtí 24, kí ọ̀gá àgọ́ náà wo ọ̀rọ̀ rẹ̀, kó sì tú u sílẹ̀ pẹ̀lú béèlì. Jìbìtì kì í ṣe ẹ̀sùn ikú. Nítorí náà, ibi tí òfin ti bẹ̀rẹ̀ ni pé kẹ́ ẹ fún un ní béèlì. Ẹni tó bá ní òun ò ní fún un ló gbọ́dọ̀ wá ìdí.

Ẹ má rò pé òfin fọwọ́ so àwọn olùwádìí mọ́lẹ̀ o. Tí wọ́n bá nílò àkókò sí i, ọ̀nà kan wà. Wọ́n lè lọ bá adájọ́ májísíréètì pé kó jẹ́ kí àwọn ṣì dá ẹni náà dúró. Lábẹ́ ACJA, ọjọ́ 14 ni adájọ́ lè fún wọn lẹ́ẹ̀kan. Tí wọ́n bá ń fẹ́ sí i, wọ́n á kọ̀wé, wọ́n á sọ ìdí tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Tí àkókò náà bá tún kọjá tí ẹ̀sùn ò sì dé kóòtù, adájọ́ á ní kí wọ́n wá ṣàlàyé, kò sì lè máa lọ bẹ́ẹ̀ títí láé. Adájọ́ yẹn náà sì lágbára láti fún un ní béèlì dípò kó dá a padà sí àhámọ́.

Àwọn kan ti jiyàn pé irú àṣẹ ìdádúró bẹ́ẹ̀ ò bófin mu rárá. Ọ̀rọ̀ yẹn dé ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ nínú ẹjọ́ kan tó wá láti Èkó, Lufadeju àti Johnson. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti kọ́kọ́ sọ pé kò bófin mu. Lọ́dún 2007, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ yí i padà, ó ní ó bófin mu. Ohun tí ẹ gbọ́dọ̀ mú níbẹ̀ ni pé iwájú adájọ́ ni àṣẹ yẹn ti ń wá. Kò sí ibì kankan tí òfin ti sọ pé kí olùwádìí kàn ti èèyàn mọ́lé fún ọ̀sẹ̀ méjì torí pé iṣẹ́ pọ̀ lórí tábìlì rẹ̀.

Kí ni wọ́n ń wò gan-an?

Ó dáa. Ẹ jẹ́ ká wọnú ọ̀rọ̀. Abala 162 nínú ACJA to àwọn ìdí tí ilé ẹjọ́ fi lè kọ béèlì sílẹ̀, tí ẹ̀sùn náà bá ju ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta lọ. Mo máa sọ ọ́ lédè ilé. Ṣé ẹni náà máa tún lọ ṣẹ ẹ̀ṣẹ̀ míì? Ṣé ó máa sá? Ṣé ó máa halẹ̀ mọ́ àwọn ẹlẹ́rìí tàbí kó rọ̀ wọ́n? Ṣé ó máa ba ẹ̀rí jẹ́ tàbí kó fi pamọ́? Ṣé ó máa ṣèdíwọ́ fún ìwádìí? Ṣé ó máa sọ ètò ìdájọ́ àti béèlì fúnra rẹ̀ di yẹ̀yẹ́?

Kò sí "Ṣé ó jọ olè?" níbẹ̀. Kò sí "Ṣé irun rẹ̀ jẹ́ dàdá?" Kò sí "Kí ló ń fi iPhone tó lówó lórí tó báyìí ṣe?" Ìwọ̀nyí lè mú kí èèyàn fura, àmọ́ wọn ò sí lára ohun tí òfin ní kí wọ́n fi díwọ̀n béèlì.

Ẹ wá mú àwọn ìbéèrè yẹn sórí jìbìtì, torí pé jìbìtì ní ìṣe tirẹ̀.

Ẹ kọ́kọ́ wo ti sísá. Òfin ọdún 2006 lórí gbájúẹ̀ sọ pé ẹni tó bá fi irọ́ gba owó tàbí dúkìá lọ́wọ́ èèyàn, ẹ̀wọ̀n rẹ̀ ò gbọ́dọ̀ dín ní ọdún méje, kò sì gbọ́dọ̀ ju ogún ọdún lọ, kò sì sí pé kó san owó ìtanràn dípò rẹ̀. Ẹni tí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ ń dúró dè lè fẹ́ sá lóòótọ́. Torí náà ni wọ́n ṣe máa ń gba ìwé ìrìnnà. Torí náà ni wọ́n ṣe ń béèrè pé: ibo ló ń gbé? Ta ni ẹbí rẹ̀? Ṣé ó níṣẹ́? Ṣé ó lówó níbi tí ọwọ́ wa ò tó?

Ẹ rántí Ramon Abbas, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ sí Hushpuppi. Oṣù kẹfà ọdún 2020 ni wọ́n mú un ní Dubai. Nígbà tó dé Chicago, lọ́yà rẹ̀ tọrọ béèlì, adájọ́ sì kọ̀. Nígbà yẹn, kò tíì gbà pé òun jẹ̀bi, kò sì sẹ́ni tó tíì dá a lẹ́bi. Ohun tí wọ́n ń wò ni pé ọkùnrin tí ilé ayé rẹ̀ wà lókè òkun, tí kò ní gbòǹgbò kan gbòógì ní Amẹ́ríkà, kí ló máa mú un dúró? Ọdún 2021 ló tó gbà pé òun jẹ̀bi. Oṣù kọkànlá ọdún 2022 ni wọ́n dá ẹ̀wọ̀n ọdún 11 àti oṣù mẹ́ta fún un. Ìpinnu béèlì àti ìpinnu ẹ̀bi, ìbéèrè méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni. Ẹ má dà wọ́n pọ̀.

Ó wá kan ti ẹ̀rí, ibẹ̀ gan-an ni jìbìtì ti yàtọ̀. Tí wọ́n bá fura sí èèyàn pé ó jí mọ́tò, mọ́tò wà nílẹ̀ tàbí kò sí nílẹ̀. Ẹ̀rí jìbìtì ń gbé inú fóònù. Ó ń gbé inú WhatsApp, inú ímeèlì, inú àkáǹtì tí wọ́n fi orúkọ ẹlòmíì ṣí, inú àpò kírípítò. Ẹni tó bá ní ọ̀rọ̀ aṣínà lè jókòó sínú káfẹ́ẹ̀ kan kó pa gbogbo rẹ̀ rẹ́ láàárín ìṣẹ́jú márùn-ún. Owó tó wà ní àkáǹtì láàárọ̀ lè ti gba àkáǹtì mẹ́fà kọjá kó tó di alẹ́. Àwọn tí wọ́n jọ ń ṣe é sì lè wà níta, tí wọ́n ń dúró de ìpè kan péré.

Nítorí náà, tí olùwádìí bá sọ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ pé "Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gba ẹ̀rí inú fóònù yìí ná, ká kọ̀wé sí báǹkì kí wọ́n ti àkáǹtì pa," kì í ṣe ìwà ìkà dandan. Ìdí tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ nìyẹn lè jẹ́.

Àmọ́, ẹ dákun, ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ mú lọ sílé lónìí nìyí: ìdí yẹn máa ń gbó. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, fóònù ò tíì ṣí. Lọ́jọ́ kẹta, wọ́n ti ṣí i, wọ́n ti da gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀ kọ. Báǹkì ti ti àkáǹtì. Ìwé ìrìnnà ti wà lọ́wọ́ wọn. Kí ló wá kù tí ẹni náà lè bàjẹ́ tó bá lọ sílé? Bóyá nǹkan ṣì kù. Bóyá kò sí mọ́. Àmọ́ ìdí tó tó lọ́jọ́ Ajé lè má tó mọ́ lọ́jọ́ Ẹtì. Ìbéèrè tí lọ́yà tó mọṣẹ́ máa ń béèrè kì í ṣe "Kí ló dé tẹ́ ẹ fi mú un?" Ohun tó máa ń béèrè ni pé "Lónìí yìí, kí lẹ ṣì fẹ́ ṣe tí ẹ ò lè ṣe tó bá wà nílé?" Tí wọn ò bá rí èsì sí i, àsìkò béèlì ti tó nìyẹn.

Nígbà tí wọ́n bá kó èèyàn lọ́pọ̀

Ẹ ó rántí Ifẹ̀. Ìdájí ọjọ́ kìíní oṣù kọkànlá ọdún 2023, àwọn òṣìṣẹ́ EFCC wọ ilé tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ OAU ń gbé níta ọgbà, wọ́n sì kó èèyàn tó lé ní ọgọ́ta. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fi ẹ̀hónú hàn. Lẹ́yìn àyẹ̀wò, wọ́n tú àwọn kan sílẹ̀. Ọ̀gá àgbà EFCC, Ola Olukoyede, sì pàṣẹ pé kí àwọn òṣìṣẹ́ òun má ṣe irú ìkọlù òru bẹ́ẹ̀ mọ́.

Ohun tí ọ̀rọ̀ Ifẹ̀ kọ́ wa nípa béèlì ni pé wọn ò lè ṣèpinnu lórí ọgọ́ta èèyàn bí ẹni ń tú ẹ̀wà sórí àtẹ. Ẹnì kọ̀ọ̀kan ló ní fóònù tirẹ̀, àkáǹtì tirẹ̀, ìdí tirẹ̀. Ẹni tó ń sùn sílé ọ̀rẹ́ rẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ yẹn kì í ṣe ẹni tí àkáǹtì rẹ̀ ń gba owó àwọn àjèjì. Tí ìpinnu béèlì bá jẹ́ "ẹ jẹ́ kí gbogbo wọn ṣì wà níbẹ̀ ná," kì í ṣe ìpinnu nìyẹn mọ́.

Wọ́n fún un ní béèlì, àmọ́ kò jáde

Irú béèlì kan wà tó wà lórí ìwé nìkan. Wọ́n á ní kó mú onídùúró méjì wá, òṣìṣẹ́ ìjọba tó ti dé ipele gíga, kí ọ̀kan ní ilé ní Èkó, kí ìwé ilé náà pé, kí wọ́n mú ìwé ẹ̀rí owó orí ọdún mẹ́ta wá. Ọmọ tí bàbá rẹ̀ ń wakọ̀ èrò, ibo ló ti fẹ́ rí i?

Abala 165 nínú ACJA sọ pé ohun tí wọ́n bá béèrè fún béèlì ò gbọ́dọ̀ pọ̀ jù, kó bá bí ọ̀rọ̀ náà ṣe rí mu. Tí ilé ẹjọ́ bá ti béèrè ohun tí apá ò ká, lọ́yà lè padà lọ tọrọ pé kí wọ́n dín in kù. Nǹkan míì tún wà: abala 167 sọ pé wọn ò gbọ́dọ̀ kọ obìnrin lónídùúró torí pé ó jẹ́ obìnrin. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn, torí pé títí di òní, àwọn ìyá wa ṣì ń dé àgọ́ ọlọ́pàá tí wọ́n á ní kí wọ́n lọ pe ọkùnrin wá.

Ní ti owó, gbogbo wa la ti rí i lára ògiri àgọ́ ọlọ́pàá: béèlì kì í ṣe títà. Iye tí onídùúró fọwọ́ sí, kì í ṣe owó tí èèyàn ń kà sílẹ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ìgbà tí ẹni tó dúró fún bá sá ni ọ̀rọ̀ owó máa tó dé.

Àǹtí mi ńkọ́?

Mo ṣèlérí pé n ò ní gbàgbé ẹni tí wọ́n lù ní jìbìtì. Owó léèsì 650,000 náírà, owó ẹgbẹ́ àjọ wà nínú rẹ̀. Nígbà tí àǹtí mi gbọ́ pé ẹni náà ti lọ sílé, ojú òru ò kàn wọ́n mọ́.

Ohun tí mo sọ fún wọn nìyí: "Àǹtí mi, béèlì ò pa ẹjọ́ yín. Fóònù rẹ̀ ṣì wà lọ́dọ̀ wọn. Àkáǹtì rẹ̀ ṣì wà ní títì. Tó bá pè yín, tó halẹ̀ mọ́ yín, tó ní kẹ́ ẹ lọ fagi lé ẹjọ́, ẹ má bá a jà, ẹ má dá a lóhùn. Ẹ ya àwòrán ọ̀rọ̀ náà lójú fóònù, kẹ́ ẹ gbé e lọ fún olùwádìí. Ohun tó lè mú kí wọ́n gba béèlì rẹ̀ padà nìyẹn."

Ẹ wo bó ṣe rí: àdéhùn tó tú ẹni náà sílẹ̀ yẹn náà ló ń ṣọ́ àǹtí mi. Tó bá ba ẹ̀rí jẹ́, tó bá halẹ̀, tó bá sá, ó ti fọwọ́ ara rẹ̀ fa àdéhùn ya.

Mo tún sọ ohun kan tí inú wọn ò dùn sí. Wọ́n ní, "Kí wọ́n tì í mọ́lé títí á fi san owó mi." Mo ní, "Ẹ má bínú mà, iṣẹ́ àhámọ́ kọ́ nìyẹn." Ìdádúró lásìkò ìwádìí wà fún ìwádìí. Tó bá di ọ̀nà láti fi gba gbèsè, ọ̀la, ẹni tó bá jẹ yín lówó ọjà lásán lẹ máa fọlọ́pàá mú, ẹni tẹ́ ẹ jẹ lówó náà á sì fọlọ́pàá mú yín. ACJA sọ ọ́ ní abala 8 pé wọn ò gbọ́dọ̀ mú èèyàn torí gbèsè tàbí àdéhùn tó yẹ̀ lásán. Tí jìbìtì bá wà níbẹ̀ lóòótọ́, ilé ẹjọ́ tó dá ẹni náà lẹ́bi lágbára láti pàṣẹ pé kó dá owó padà.

Tí fóònù tìẹ bá dún lọ́gànjọ́

Ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ ọ̀rẹ́ mi. Kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó mọ́ tán, a ti dá ẹgbẹ́ WhatsApp sílẹ̀. Ẹnì kan níbẹ̀ kọ ọ́ pé: "Mo mọ ọ̀rọ̀ aṣínà iCloud rẹ̀. Ṣé kí n pa gbogbo ẹ̀ rẹ́?" Ìfẹ́ ló fi sọ ọ́. Mo sì jẹ́wọ́, ìṣẹ́jú kan kọjá tí èmi náà fi ro ó. Lọ́yà tá a pè ló figbe ta. Ó ní, "Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án!" Ó ní tẹ́ ẹ bá pa á rẹ́, ẹ ti ṣẹ ẹ̀ṣẹ̀ tiyín, ẹ sì ti fún olùwádìí ní ìdí tó dára jù lọ láti kọ béèlì. Yàtọ̀ síyẹn, ohun tó máa fi hàn pé owó iṣẹ́ àwòrán ni owó rẹ̀ wà nínú fóònù yẹn náà.

Nítorí náà, tó bá ṣẹlẹ̀ sí ẹni tẹ́ ẹ mọ̀, ẹ ṣe báyìí.

Ẹ kọ́kọ́ wádìí ibi tí wọ́n gbé e lọ àti àsìkò tí wọ́n mú un, kẹ́ ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Aago yẹn ṣe pàtàkì.

Ẹ wá lọ́yà. Tí kò bá sí owó, Legal Aid Council wà fún ìjọba àpapọ̀, Èkó sì ní Office of the Public Defender tirẹ̀.

Ẹ sọ fún un, tẹ́ ẹ bá lè rí i, pé kó má fọwọ́ sí ìwé tí kò kà tàbí tí kò yé e. ACJA gbà kí lọ́yà tàbí ẹni tó bá yàn wà níbẹ̀ nígbà tó bá ń sọ tẹnu rẹ̀.

Ẹ kó ohun tó fi hàn pé kò ní sá jọ: ìwé ilé tó ń gbé, ìwé iṣẹ́ tàbí ìwé ilé ẹ̀kọ́, orúkọ oníbàárà tó ń bá ṣiṣẹ́, onídùúró tó ní àdírẹ́sì.

Tí ọjọ́ bá sì ti kọjá ohun tí òfin sọ, tí wọn ò gbé e lọ sí kóòtù, tí wọn ò sì ní àṣẹ adájọ́, lọ́yà lè gba ilé ẹjọ́ gíga lọ láti jà fún ẹ̀tọ́ rẹ̀. Ìwé òfin sọ pé ẹni tí wọ́n tì mọ́lé lọ́nà tí kò bófin mu ní ẹ̀tọ́ sí owó ìtánràn àti ẹ̀bẹ̀ ní gbangba.

Ọjọ́ kẹsàn-án ni ọ̀rẹ́ mi jáde. Wọn ò fi àṣẹ adájọ́ kankan hàn wá ní gbogbo ọjọ́ mẹ́sàn-án yẹn. Ìyá rẹ̀ ló dúró fún un, lẹ́yìn tí lọ́yà ti ka abala òfin sí wọn létí. Ẹni tí wọ́n wá wá gan-an ṣì wà níbẹ̀, ẹjọ́ rẹ̀ sì ti dé kóòtù báyìí. Oṣù mẹ́rin gbáko ni láptọ́ọ̀pù ọ̀rẹ́ mi fi wà lọ́dọ̀ wọn. Ó pàdánù oníbàárà méjì.

Mo bi í lọ́jọ́ kan bóyá ó ń bínú pé wọ́n mú òun. Ó ní, "Rárá, ilé tí mo ń gbé ni wọ́n bá mi. Wọ́n lẹ́tọ̀ọ́ láti bi mí léèrè. Ohun tó ń dùn mí ni pé ọjọ́ kejì ni wọ́n ti parí ọ̀rọ̀ mi. Ọjọ́ méje tó kù, kò sẹ́ni tó bi mí ní ohunkóhun."

Ọjọ́ méje yẹn gan-an ni gbogbo ohun tá à ń sọ láti àárọ̀.

Ó dìgbà kan ná o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ fi èyí ránṣẹ́ sí ẹnì kan tó ń ṣiṣẹ́ lórí láptọ́ọ̀pù, kẹ́ ẹ sì fi ránṣẹ́ sí àǹtí kan tó ń ra ọjà lórí Instagram. Àwọn méjèèjì ló nílò rẹ̀. Ẹ máa ṣọ́ ara yín.